Fọ́tò ọmọ yín ti já síta? Ẹ má tíì nu fóònù náà

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó ku ọ̀sẹ̀ díẹ̀ kí àwọn ọmọ ṣe ìdánwò BEPC, ìyá kan wọ ṣọ́ọ̀bù tí mo ti ń tún fóònù ṣe nítòsí ọjà Wándó, ní Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) níhìn-ín. Wọ́n tú etí ìró wọn, wọ́n mú fóònù kan jáde níbẹ̀, wọ́n dojú rẹ̀ délẹ̀ sórí tábìlì mi. "Ọmọ mi, bá mi nu gbogbo ohun tó wà nínú ẹ̀. Kó má ku ẹyọ kan. Èló ni?" Ọmọbìnrin wọn dúró sẹ́nu ọ̀nà nínú aṣọ ilé-ìwé kakí, ó ń fi àtàǹpàkò ẹsẹ̀ wa ilẹ̀.

Mo ní, "Ìyá, ẹ jókòó ná." Wọn ò jókòó.

Ohun tó gbé wọn wá kò ṣàjèjì sí mi. Fọ́tò ọmọ náà kan, èyí tí kò yẹ kí ojú ẹlòmíràn rí, ti wọ gúrúùpù WhatsApp kan láti ìrọ̀lẹ́ àná, ó sì ti bọ́ láti ibẹ̀ sí òmíràn. Kó tó di ọjọ́ kejì, ohùn tí àwọn èèyàn gbà sílẹ̀ ti ń lọ láti fóònù dé fóònù. Ẹnì kan ní kò sí òfin tó mú irú ẹ̀ ní Benin, pé ọ̀rọ̀ fóònù kò kan ọlọ́pàá. Òmíràn ní òun mọ ọmọkùnrin kan tó máa bá wọn lọ pa á rẹ́ "lórí íntánẹ́ẹ̀tì", kí wọ́n ṣáà ti fi ọgbọ̀n ẹgbẹ̀rún fránkì ránṣẹ́. Ẹ̀kẹta ní tí wọ́n bá ti fọ fóònù ọmọ, ọ̀rọ̀ parí. Irọ́ ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Èyí tó kẹ́yìn ló burú jù lójú tèmi, torí òun ni òbí tó fẹ́ràn ọmọ ẹ̀ máa ń sáré ṣe.

Kí ni a ń pè ní àṣírí nínú fóònù?

Ẹ wo agbo ilé kan ní Àjàṣẹ́ tàbí ní Kétu. Ojúde wà, ẹni tó ń kọjá lè dúró kí níbẹ̀. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ wà, àlejò ń jókòó síbẹ̀. Yàrá wà, ẹni tí a bá pè nìkan ló ń wọ ibẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni fóònù. Fídíò tí ọmọ gbé sí TikTok, ojúde ló wà. Ohun tó kọ sínú gúrúùpù kíláàsì, ọ̀dẹ̀dẹ̀ ni. Ohun tó wà nínú gálárì rẹ̀, ọ̀rọ̀ tó bá ẹnì kan ṣoṣo sọ, kóòdù rẹ̀, ọ̀nà tó máa ń gbà lọ sílé-ìwé, yàrá ni gbogbo ìyẹn.

Bí a bá ní àṣírí já síta, ohun tí à ń sọ ni pé ẹnì kan gbé ohun inú yàrá lọ sí ojúde láì gba àṣẹ lọ́wọ́ ẹni tó ni ín. Ibi tí ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń ṣì í nìyí. Wọ́n á ní, "Ṣebí òun fúnra ẹ̀ ló fi ránṣẹ́ sí ọmọkùnrin náà?" Tí mo bá fún ẹ ní kọ́kọ́rọ́ yàrá mi pé kó o bá mi mú fìlà, ṣé mo ní kó o pe ará ọjà wọlé ni? Àṣẹ tí a fún ẹnì kan, ẹni yẹn nìkan la fún. Ọmọ náà ṣe àṣìṣe, mi ò jiyàn, ọjọ́ ń bọ̀ tí ẹ máa bá a sọ ọ́. Àmọ́ ẹni tó gbé e kiri ló jalè.

Ọ̀nà wo ló ń gbà jáde?

Àwọn èèyàn gbà pé ẹnì kan jókòó síbì kan, ó ń tẹ kọ̀ǹpútà, ó sì já wọ fóònù ọmọ wọn. Ó lè ṣẹlẹ̀, ṣùgbọ́n nínú gbogbo ohun tí wọ́n ti gbé wá sórí tábìlì mi, ó ṣọ̀wọ́n. Ọmọ Kétu ni mí. Ẹni tó bá ti dé Àkàbà Ìdènà mọ bí ẹnubodè yẹn ti rí: ilẹ̀kùn ńlá, ògiri amọ̀ tó nípọn, yàrà tó yí ìlú ká láyé àtijọ́. Lọ́dún 1886 tí ogun Dàhòmì kó Kétu, ohun tí àwọn àgbà ń sọ fún wa ni pé ebi àti ẹ̀tàn ló ṣí ìlú sílẹ̀, kò sẹ́ni tó fo ògiri. Fóònù náà, láti inú ni wọ́n ti ń ṣí i.

Ẹni àkọ́kọ́ tó ń ṣí i ni ẹni tí ọmọ fọkàn tán: ọ̀rẹ́kùnrin, ọ̀rẹ́bìnrin, ọmọ kíláàsì tó ní kó yá òun ní fóònù fún ìṣẹ́jú kan. Ìṣẹ́jú kan yẹn tó. WhatsApp ní ibì kan tí wọ́n ń pè ní "Appareils connectés". Bí ẹnì kan bá rí fóònù ọmọ yín gbà ní ṣíṣí, tó lọ síbẹ̀, tó fi kámẹ́rà rẹ̀ ya àmì onígun mẹ́rin tó wà lójú kọ̀ǹpútà tirẹ̀, ọ̀rọ̀ tí ọmọ ń bá èèyàn sọ á máa hàn lójú kọ̀ǹpútà yẹn fún ọ̀pọ̀ ọjọ́, ọmọ lè má fura. Ẹ ṣí ibẹ̀ wò lálẹ́ òní. Bí ẹ bá bá ẹ̀rọ tí ẹ kò mọ̀ níbẹ̀, ẹ tẹ̀ ẹ́, ẹ yọ ọ́.

Èkejì ni mo fẹ́ kí ẹ fara balẹ̀ kà, torí àwa oníṣẹ́ fóònù la dá a sílẹ̀. Bí ẹ bá ra fóònù, yálà tuntun tàbí èyí tó ti òkè òkun wá, ó máa ń béèrè àkáǹtì Google kó tó jẹ́ kí ẹ fi WhatsApp sínú rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ìyá wa kò ní. Ẹni tó tà á á ní, "Ẹ gbé e wá, mo máa ṣe é fún yín." Á dá àkáǹtì kan sílẹ̀, á fún un ní orúkọ tó bá wù ú, á sì fi kóòdù tó máa ń fi sí ti gbogbo oníbàárà sí i. Èmi náà ti ṣe é rí. Kóòdù kan náà ni mo lò fún bí ogún èèyàn, mo sì kọ ọ́ sẹ́yìn ìwé tí mo fi ń ṣírò owó, níbi tí ọmọ iṣẹ́ mi ti lè rí i. Ìwà òmùgọ̀ ni, mo ti fi í sílẹ̀.

Ẹ wá wo ohun tó ń tẹ̀lé e. Ọdún kan kọjá, ìyá ra fóònù tuntun, ó fún ọmọ ní ti àná. Bí wọ́n bá ti tan ìpamọ́ fọ́tò ti Google sílẹ̀, gbogbo fọ́tò tí ọmọ bá yà ń gòkè lọ sínú àkáǹtì yẹn. Ẹni tó bá mọ kóòdù rẹ̀ lè wà ní Kútọnu tàbí ní Ṣábẹ kó máa wò wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan bí ẹni ń ṣí ìwé fọ́tò ìgbéyàwó. Kí ọmọ fọ fóònù pátápátá, ohun tó ti gòkè ṣì wà lókè. Ìdí nìyí tí mo fi ń sọ pé kí gbogbo òbí béèrè lọ́wọ́ ara wọn lónìí: àkáǹtì Google tó wà lórí fóònù ọmọ mi, ta ló dá a sílẹ̀, ta ló mọ kóòdù rẹ̀? Bí kò bá dá yín lójú, ẹ yí kóòdù náà padà, kí ẹ sì wo bóyá nọ́ńbà tí Google máa fi ìránṣẹ́ ìdánilójú ránṣẹ́ sí jẹ́ tiyín àbí ti ẹni tó ta fóònù.

Àwa atúnfóònùṣe náà ni ẹ̀kẹta. Bí ẹ bá fi fóònù sílẹ̀ lọ́dọ̀ wa pẹ̀lú kóòdù tí ẹ kọ sórí bébà, yàrá yín lẹ ṣí fún wa, àti fún ọmọ iṣẹ́ wa, àti fún ọ̀rẹ́ ọmọ iṣẹ́ wa tó wá kí i. Gíláàsì tó fọ́ kò nílò kóòdù yín ju ìṣẹ́jú méjì tí a fi ń dán an wò lọ. Ẹ dúró tì wá. Bí ẹ bá sì fẹ́ ta fóònù, ẹ yọ púùsù (káàdì SIM), ẹ yọ káàdì mẹ́mórì, ẹ yọ àkáǹtì kúrò, kí ẹ tó ní kí wọ́n fọ̀ ọ́.

Ẹ̀kẹrin ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni. Pẹ̀lú ọgbọ́n àtọwọ́dá tó wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì báyìí, ẹnì kan lè mú fọ́tò tí ọmọ yà pẹ̀lú aṣọ ọdún Iléyá, kó sọ ọ́ di ti ìhòòhò, tí ojú rẹ̀ á sì pé pérépéré. Ọmọ yẹn kò fi ohunkóhun ránṣẹ́ sí ẹnikẹ́ni láyé ẹ̀. Òbí tó bá bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú "Kí lo ṣe?" ti kọ́kọ́ dá aláìmọwọ́mẹsẹ̀ lẹ́jọ́.

Ṣé àwọn ọmọbìnrin nìkan ló ń ṣẹlẹ̀ sí?

Rárá o. Ti àwọn ọmọkùnrin kàn máa ń dákẹ́ ni. Ọ̀nà tó máa ń gbà rèé: ọmọbìnrin arẹwà kan tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀ rí bẹ̀rẹ̀ sí í kí ọmọkùnrin ọdún mẹ́rìndínlógún lórí Facebook tàbí Instagram. Lọ́jọ́ kẹta, ó ní kí wọ́n pe ara wọn lórí fídíò. Ó bọ́ aṣọ, ó ní kí òun náà bọ́ ọ. Fídíò tí ọmọ ń wò yẹn, wọ́n ti gbà á sílẹ̀ tipẹ́ láti ibòmíràn. Ẹni tó wà lẹ́yìn rẹ̀, oníjìbìtì orí íntánẹ́ẹ̀tì tí à ń pè ní gaïman ni, ó ń gba ti ọmọkùnrin náà sílẹ̀. Kí ó tó wọ aṣọ padà, ìránṣẹ́ ti dé pẹ̀lú orúkọ ìyá rẹ̀, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ àti tíṣà rẹ̀, tí wọ́n kó láti inú àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ lórí Facebook: "Fi owó sórí MoMo yìí kó tó di aago mẹ́jọ, tàbí kí gbogbo wọn rí i."

Ẹ má san. Owó àkọ́kọ́ kò ra fídíò náà padà, ó kàn jẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé ibẹ̀ yẹn lówó ni. Mo ti rí ọmọ kan tó ta kẹ̀kẹ́ rẹ̀, tó tún lọ yá owó lọ́wọ́ ìyá onígàrí, gbogbo rẹ̀ láàárín ọjọ́ mẹ́rin. Lọ́jọ́ karùn-ún, wọ́n tún béèrè.

Ṣé "Supprimer pour tous" ń pa á rẹ́ lóòótọ́?

Díẹ̀. WhatsApp fún ẹni tó fi nǹkan ránṣẹ́ ní ọjọ́ méjì àti díẹ̀ láti pa á rẹ́ fún gbogbo èèyàn. Láti 2022, admin gúrúùpù náà lè pa ohun tí ẹlòmíràn gbé síbẹ̀ rẹ́ fún gbogbo wọn. Ẹni tó yẹ kí ẹ kọ́kọ́ pè nìyẹn, kí ẹ tó pe ẹbí tàbí ará. Àwọn admin kan á ní àwọn kò fẹ́ dá sí ọ̀rọ̀ ọlọ́rọ̀. Ẹ sọ fún wọn pé inú ilé tiwọn ni ọjà olè wà.

Ṣùgbọ́n fóònù ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń kó fọ́tò WhatsApp sínú gálárì fúnra rẹ̀, láìjẹ́ pé wọ́n tẹ nǹkan kan. Èyí tó bá ti dé ibẹ̀ kí admin tó jí lè wà níbẹ̀ títí. "Vue unique" ńkọ́, èyí tí fọ́tò ń lọ lẹ́yìn tí wọ́n bá wò ó lẹ́ẹ̀kan? WhatsApp ti dínà mọ́ ẹni tó fẹ́ ya ojú fóònù nígbà tó ń wò ó. Fóònù kejì tí ẹnì kan gbé sókè kọjú sí ti àkọ́kọ́, ta ló máa dí ìyẹn? Omi tó ti dànù kò ṣeé kó, àmọ́ ẹ̀rọ ṣì ń yọ omi, ẹ lè ti ẹnu rẹ̀. Gúrúùpù kọ̀ọ̀kan tí ẹ bá ti rí i pa rẹ́, ọ̀pọ̀ èèyàn níbẹ̀ ni kò ní rí i lọ́la.

Kí la máa ṣe ní wákàtí àkọ́kọ́?

Mo yí fóònù náà padà sójú, mo ní, "Ìyá, tí mo bá nu ún, nǹkan méjì ló máa bá a lọ: ẹ̀rí tí ẹ máa fi mú ẹni tó ṣe é, àti ohun tí a lè fi lé fọ́tò náà kúrò nílé onílé." Wọ́n wò mí bíi pé mo fẹ́ fi dọ́gbọ́n gba owó. Ọmọ náà ló kọ́kọ́ sún mọ́ tábìlì.

Ẹ̀rí ni a bẹ̀rẹ̀ sí í kó, kì í ṣe fọ́tò. Nọ́ńbà tó kọ́kọ́ gbé e jáde, lódidi, pẹ̀lú +229 àti 01 iwájú rẹ̀, torí láti ìparí oṣù kọkànlá 2024 ni nọ́ńbà wa ti di oníka mẹ́wàá. Orúkọ àkáǹtì bí wọ́n ṣe kọ ọ́ gan-an, orúkọ gúrúùpù, ọjọ́ àti wákàtí, ọ̀rọ̀ ìhalẹ̀ bí ó bá wà, nọ́ńbà MoMo tí wọ́n ní kí owó wọ̀. Ní Benin, ìwé ìdánimọ̀ la fi ń gba púùsù, nítorí náà nọ́ńbà kan lásán lè tó fún ọlọ́pàá láti fi bẹ̀rẹ̀. A ya ojú fóònù níbi tí gbogbo ìyẹn ti hàn, mo sì ní kí ìyá kọ wọ́n sínú ìwé pẹ̀lú bíìrò. Bébà kì í kú bátìrì.

Fọ́tò ìhòòhò náà gan-an, ẹ má dà á kọ, ẹ má sì fi ránṣẹ́ sí ẹnikẹ́ni "kí wọ́n lè rí ohun tó ṣẹlẹ̀", ì báà ṣe ẹ̀gbọ́n, ààfáà, pásítọ̀ tàbí tíṣà. Ẹ sọ ọ́ fún wọn lẹ́nu. Àǹtí tó fi ránṣẹ́ sí gúrúùpù ẹbí pẹ̀lú "Ẹ wo ohun tí ọmọ ayé ń ṣe, kí Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́ ká rí i" ti pín in, àdúrà tó fi sí i kò yọ ọ́.

Lẹ́yìn ìyẹn ni ẹ máa tẹ "Signaler", láti fi ẹjọ́ ẹni náà sùn. WhatsApp á gba ọ̀rọ̀ márùn-ún tó kẹ́yìn tí ẹni yẹn fi ránṣẹ́. Ẹ ṣọ́ra níbẹ̀: bí ẹ bá ń fi ẹjọ́ sùn, ó máa ń fẹ́ kí ẹ di nọ́ńbà náà pa, kí ẹ sì nu ìjíròrò yín kúrò lẹ́ẹ̀kan náà. Bí ẹ kò bá tíì kó ẹ̀rí, ẹ má gbà kó nu ún.

Ọmọ ńkọ́? Ọ̀rọ̀ tó yẹ kó kọ́kọ́ gbọ́ kò ju "Mo wà pẹ̀lú ẹ" lọ. Kí ẹnì kan sùn tì í lálẹ́ yẹn àti lálẹ́ ọjọ́ kejì. Mo mọ òbí tó na ọmọ títí ilẹ̀ fi ṣú, ohun tó jèrè níbẹ̀ ni pé ọmọ kò sọ nọ́ńbà kejì tó ń halẹ̀ mọ́ ọn fún un. Nọ́ńbà kan wà, 138, ìlà ìrànwọ́ fún àwọn ọmọdé ní Benin. Ọmọ fúnra rẹ̀ lè pè é bí ẹnu rẹ̀ kò bá gbà á láti bá ará ilé sọ̀rọ̀.

Báwo ni a ṣe ń lé fọ́tò tí a kò fẹ́ fi han ẹnikẹ́ni?

Ọ̀rọ̀ ọmọkùnrin ọgbọ̀n ẹgbẹ̀rún fránkì yẹn ló kàn. Kò sí ẹni tó ní kọ́kọ́rọ́ íntánẹ́ẹ̀tì lọ́wọ́. Ohun tó wà, ọ̀fẹ́ ni, orúkọ rẹ̀ ni Take It Down. Àjọ NCMEC ti Amẹ́ríkà, tó ń rí sí ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ tó sọnù àti àwọn ọmọ tí wọ́n ń ṣe níṣekúṣe, ló gbé e jáde ní 2023. Ó wà fún fọ́tò tàbí fídíò ìhòòhò tí wọ́n yà nígbà tí ẹni náà kò tíì pé ọdún 18. Èèyàn lè kà á ní Faransé, kò sì béèrè orúkọ yín.

Ọgbọ́n tó wà nídìí rẹ̀ rèé. Nígbà tí ẹ lọ gba ìwé ìdánimọ̀, wọ́n ní kí ẹ tẹ ìka. Ìka yín kò kúrò lọ́wọ́ yín, àmì rẹ̀ ni wọ́n mú lọ. Bí ọlọ́pàá bá rí àmì ìka kan níbi olè, àmì méjì ni wọ́n ń gbé kẹ́gbẹ́ ara wọn. Take It Down ń tẹ ìka fọ́tò. Ẹ yan fọ́tò náà lórí fóònù yín, ẹ̀rọ á ṣírò rẹ̀ di òǹkà gígùn kan, òǹkà yẹn nìkan ló ń lọ. Fọ́tò fúnra rẹ̀ kò kúrò lórí fóònù, kò sí òṣìṣẹ́ Take It Down kankan tó máa wò ó. Àwọn tó gbà láti lo òǹkà yìí, Facebook, Instagram, TikTok àti Snapchat wà lára wọn, á máa fi wá a nílé tiwọn. Ibi tí òǹkà bá ti bá ara wọn mu, wọ́n lè yọ ọ́, kí wọ́n sì dínà mọ́ ẹni tó bá tún fẹ́ gbé e wọlé.

Ẹ ti rí ìdí tí mi ò fi nu fóònù náà. Bí fọ́tò kò bá sí lọ́wọ́ yín mọ́, ìka wo lẹ fẹ́ tẹ̀? Ẹ tẹ̀ ẹ́ kọ́kọ́, ẹ fi ẹjọ́ sùn, lẹ́yìn náà kí ẹ wá nu ún.

Ó ní ààlà tirẹ̀. Bí ẹnì kan bá gé fọ́tò náà tàbí kọ̀wé sójú rẹ̀, òǹkà lè yí padà, ẹ ó tún tẹ ti èyí. Kò sì lè wọ inú ìjíròrò tí WhatsApp fi kọ́kọ́rọ́ tì láàárín èèyàn méjì, admin àti ọlọ́pàá ló wà fún ibẹ̀. Fún ẹni tó ti lé ní 18 nígbà tí wọ́n ya fọ́tò náà, irú rẹ̀ wà ní StopNCII.org láti 2021. Google náà ń gba ẹ̀bẹ̀ láti yọ fọ́tò ọmọ tí kò tíì pé 18 kúrò nínú ohun tí wọ́n bá wá níbẹ̀, ṣùgbọ́n ìyẹn dà bí ìgbà tí a yọ pátákó ojú ọ̀nà: ilé ṣì wà níbi tó wà.

Ṣé òfin Benin mọ ọ̀rọ̀ yìí?

Ó mọ̀ ọ́n dáadáa. Òfin tí wọ́n ń pè ní Code du numérique, nọ́ńbà 2017-20, ti wà láti ọjọ́ 20 oṣù kẹrin 2018. Ó ní ìjìyà fún ẹni tó bá ṣe fọ́tò ìṣekúṣe ọmọdé, ẹni tó bá fi ránṣẹ́, àti ẹni tó bá pa á mọ́ sínú ẹ̀rọ rẹ̀. Nínú òfin kan náà, abala 550 mú ẹni tó ń fi ìránṣẹ́ orí ẹ̀rọ dúnkookò mọ́ ẹlòmíràn tàbí tó ń fi ayé ni í lára. Ta ni ọmọdé? Òfin nípa ọmọdé ti 2015 ní ẹnikẹ́ni tí kò tíì pé ọdún 18 ni. Nítorí náà ọmọ kíláàsì tó ní "mi ò pín in, mo kàn tọ́jú ẹ̀ ni" kò tíì bọ́.

Ibi tí ẹ máa lọ, kọmisáríà tó sún mọ́ yín tó. Ẹ mú ìwé tí ẹ fi bíìrò kọ, fóònù, àti ìwé ìbí ọmọ, torí ọjọ́ orí rẹ̀ ló sọ irú ẹjọ́ tó jẹ́. CNIN, ibùdó tó ń tọpinpin ọ̀rọ̀ orí íntánẹ́ẹ̀tì, Kútọnu ló wà, ọ́fíìsì ọlọ́pàá kan sì wà tí wọ́n yà sọ́tọ̀ fún ọ̀rọ̀ àwọn ọmọdé, OCPM. Bí ó bá jẹ́ ilé-iṣẹ́ tàbí ṣọ́ọ̀bù kan ló ń lo fọ́tò tàbí nọ́ńbà ọmọ yín láì gbàṣẹ, ọ̀dọ̀ APDP, àjọ tó ń dáàbò bo ìsọfúnni ara ẹni, ni kí ẹ gbé ẹjọ́ yẹn lọ. Orúkọ CRIET, ilé ẹjọ́ fún ẹ̀ṣẹ̀ ọrọ̀-ajé àti ìpániláyà, tó wà níhìn-ín ní Àjàṣẹ́, ń dẹ́rù ba àwọn òbí, wọ́n rò pé bí àwọn bá lọ fẹjọ́ sùn, àwọn ni wọ́n máa dè lọ síbẹ̀. Àwọn gaïman ni ẹ̀rù ibẹ̀ yẹ kó máa bà.

Mo mọ̀ pé ọ̀pọ̀ ẹbí á fẹ́ parí ẹ̀ nílé. Baálé máa pè wọ́n, ìyá ọmọkùnrin á kúnlẹ̀, wọ́n á bu omi mu. Ó dára, ẹbí la wà. Kí ẹ sáà ti kó ẹ̀rí yín kí ẹ tó kúnlẹ̀ kí ẹ tó bu omi, torí mo ti rí ibi tí ọmọkùnrin náà dọ̀bálẹ̀ lọ́jọ́ Àìkú, tí fọ́tò tún jáde lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun láti nọ́ńbà mìíràn.

Kí la lè tì kó tó ṣẹlẹ̀?

"Vérification en deux étapes" lórí WhatsApp, ìyẹn kóòdù kejì tí ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ fi nọ́ńbà ọmọ ṣí WhatsApp níbòmíràn gbọ́dọ̀ mọ̀: ẹ tan án, kí kóòdù rẹ̀ jẹ́ ti ọmọ nìkan. "Visibilité des médias", ẹ pa á, kí ohun tí àwọn ará gúrúùpù gbé wá má máa wọ gálárì. Ìyẹn kò gbà ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ.

Ọ̀rọ̀ ọjọ́ orí ló yà mí lẹ́nu jù. TikTok àti Instagram gba ọmọ láti ọdún 13. TikTok kì í jẹ́ kí ọmọ tí kò tíì pé 16 máa gba ìránṣẹ́ ìkọ̀kọ̀, Instagram sì ti ń ti àkáǹtì àwọn ọmọdé fúnra rẹ̀. Àmọ́ ọmọ ọdún 14 tó kọ ọ́ pé 1999 ni wọ́n bí òun, àgbàlagbà ni lójú ẹ̀rọ. Irọ́ kékeré yẹn ló ṣí gbogbo ilẹ̀kùn tí wọ́n ti tì fún un. Ẹ bi ọmọ yín ní ọdún tó kọ síbẹ̀, ẹ ó rẹ́rìn-ín.

Àwa òbí náà ńkọ́? Ta ló gbé fọ́tò ọmọ tí a ń wẹ̀ sórí Statut WhatsApp ara rẹ̀, tí nọ́ńbà igba èèyàn wà níbẹ̀, oníbàárà, onígbèsè àti ẹni tí a kò rántí ibi tí a ti pàdé? Ta ló ya èsì BEPC pẹ̀lú orúkọ, ọjọ́ ìbí àti ilé-ìwé, tó sì kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé "Ọmọ mi rèé"?

Ní ti ìyá wa, ọjọ́ kejì ni wọ́n lọ sí kọmisáríà, bàbá ọmọ tẹ̀ lé wọn. Nígbà tí wọ́n padà dé ọ̀dọ̀ mi, ohun tó kù ni àkáǹtì Google tó wà lórí fóònù ọmọ, èyí tí ẹni tó tà á fún wọn dá sílẹ̀. Mo ṣí ojú ibi tí wọ́n ti ń yí kóòdù padà, mo yí fóònù sí wọn, mo yí ẹ̀yìn padà, mo ní, "Ìyá, ẹ kọ èyí tó bá wù yín, ẹ̀yin nìkan ni kó mọ̀ ọ́n." Wọ́n ronú. Ènìyàn mẹ́ta ló ń dúró nínú ṣọ́ọ̀bù, ọlọ́kadà kan wà lẹ́nu ọ̀nà. Wọ́n wá gbé ohùn sókè, "Ṣé kí n kọ orúkọ ìyá mi ni, pẹ̀lú ọdún tí wọ́n bí i?"

Ọmọ náà kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, ìgbà àkọ́kọ́ tí mo máa gbọ́ ẹ̀rín rẹ̀ nìyẹn. Ó gba fóònù náà lọ́wọ́ ìyá rẹ̀. "Ẹ jẹ́ ká lọ ṣe é nílé."